Lẹ́tà Ṣíṣí sí Olùdarí Àgbà NACA àti Ẹ̀yin Gómìnà Ilẹ̀ Yorùbá: Ta Ni Yóò Máa Ra Oògùn Wa?

Ẹ̀yin Olùdarí Àgbà àjọ tó ń gbógun ti àrùn Éèdì ní Nàìjíríà, NACA,
Ẹ̀yin Gómìnà Ìpínlẹ̀ Èkó, Ògùn, Ọ̀yọ́, Ọ̀ṣun, Oǹdó àti Èkìtì,

Mo kí yín tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀. Ẹ kú iṣẹ́ ìlú.

Olùkọ́ tó ti fẹ̀yìntì ni mí, Ìbàdàn ni mò ń gbé. Ọdún 2002 ni mo mọ̀ pé kòkòrò HIV wà nínú ẹ̀jẹ̀ mi. Láti ọdún náà ni mo ti ń lo oògùn. Ọdún mẹ́rìnlá rèé tí mo tún ti ń bá àwọn aboyún tó ní kòkòrò yìí rìn: mo ń gbà wọ́n nímọ̀ràn, mo ń tẹ̀lé wọn lọ gba oògùn, mo sì ń lọ bá wọn nílé bí wọn ò bá yọjú.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun kan láìpẹ́ yìí ni ohun tó mú mi kọ lẹ́tà yìí ṣẹlẹ̀. Obìnrin kan tí oyún rẹ̀ ti pé oṣù méje wá sí ilé ìwòsàn ìjọba kan tí mo máa ń lọ. Wọn ò tíì yẹ̀ ẹ́ wò fún HIV nínú oyún náà. Wọ́n sọ fún un pé ohun èlò àyẹ̀wò ti tán, kó lọ ṣe é níta, kó mú èsì wá. Ó béèrè iye tí wọ́n ń ṣe é níta. Nígbà tó gbọ́ iye náà, ó dìde, ó gbé ọmọ tó mú dání pọ̀n, ó ní òun ń padà bọ̀ lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀. Mo bi í pé níbo ló fẹ́ bímọ sí. Ó ní ọ̀dọ̀ Ìyá Àgbẹ̀bí ní ṣọ́ọ̀ṣì àwọn ni.

Mi ò mọ̀ bóyá obìnrin náà ní kòkòrò yìí tàbí kò ní. Ohun tó ń jẹ́ kí n má rí oorun sùn nìyẹn. Òun fúnra rẹ̀ ò mọ̀, nọ́ọ̀sì tó dá a padà ò mọ̀, ọmọ inú rẹ̀ sì ku oṣù méjì kó dé.

Lẹ́ẹ̀mejì ni ẹgbẹ́ wa ti kọ̀wé sí ọ́fíìsì tó yẹ lórí irú ọ̀rọ̀ báyìí, a ò rí èsì. Ìdí nìyí tí mo fi ń kọ ọ́ síta, kí gbogbo ìlú bá wa kà á.

1. Ẹ bá wa yí orúkọ yẹn padà

Nígbà tí àrùn yìí kọ́kọ́ dé, kò sí oògùn fún un lóòótọ́. Àwọn onírédíò àti oníwèé ìròyìn wa wá orúkọ fún un, wọ́n pè é ní kògbóògùn. Orúkọ náà bá ìgbà rẹ̀ mu. Ẹni tí wọ́n bá sọ fún nígbà náà pé ó ní kògbóògùn, ìwé ìhágún ló kù kó kọ.

Lónìí, hóró oògùn kan ṣoṣo ni mò ń lò lóòjọ́, lálẹ́ kí n tó sùn. Kòkòrò inú ẹ̀jẹ̀ mi ti kéré débi pé ẹ̀rọ àyẹ̀wò kò rí i kà mọ́, ó sì ti tó ọdún mélòó kan tó ti rí bẹ́ẹ̀. Ẹni tó bá dé ipò yìí kò lè kó o ran ọkọ tàbí aya rẹ̀ nípa ìbálòpọ̀. Àrùn tó gbọ́ oògùn tó báyìí, kí ló dé tí ìkéde ìjọba lédè Yorùbá ṣì ń pè é ní kògbóògùn? Mo ń gbọ́ ọ lórí rédíò. Mo ń rí i lára pátákó tí ẹ gbé sí ẹnu ọ̀nà ilé ìwòsàn, níbi tí oògùn rẹ̀ wà gan-an.

Ẹ má rò pé ọ̀rọ̀ ẹnu lásán ni mò ń bá yín fà. Mo ti jókòó ti ọmọbìnrin ọmọ ọdún mọ́kàndínlógún kan tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ sọ èsì rẹ̀ fún. Nígbà tí mo ní ká lọ gba oògùn, ó wò mí lójú, ó ní, "Mọ̀mí, ṣebí ẹ̀yin náà lẹ ní kò gbóògùn? Kí ni mo wá fẹ́ fi oògùn ṣe?" Ọjọ́ mẹ́ta ni mo fi bẹ̀ ẹ́.

Kí ẹ máa pè é ní HIV, kí ẹ sì máa pè é ní Éèdì bó bá ti di Éèdì. Kí gbogbo iléeṣẹ́ rédíò àti tẹlifíṣọ̀n ìpínlẹ̀ yín gbọ́ ọ lẹ́nu yín pé a ti pa orúkọ kògbóògùn tì. Kò gba kọ́bọ̀ lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni.

2. Ẹ rántí ohun tí ìdákẹ́ ti fà rí

Ọdún 1986 ni Nàìjíríà kéde pé Éèdì ti wà lórílẹ̀-èdè yìí. Ọ̀jọ̀gbọ́n Olikoye Ransome-Kuti ni mínísítà ètò ìlera. Ó gbìyànjú: wọ́n gbé ìgbìmọ̀ àwọn onímọ̀ dìde lọ́dún 1987, ètò ìgbógunti Éèdì ti ìjọba àpapọ̀ bẹ̀rẹ̀ lọ́dún 1988. Ṣùgbọ́n ìjọba ológun kò fi owó gidi tì í lẹ́yìn. Nígbà tí wọ́n yẹ ẹ̀jẹ̀ àwọn aboyún wò lọ́dún 1991, ẹni tó ní kòkòrò yìí jẹ́ 1.8 nínú 100. Lọ́dún 1999, ó ti di 5.4. Lọ́dún 2001, ó di 5.8. Kì í ṣe pé ìjọba ò mọ̀. Ìjọba ló ń kà á, òun náà ló ń kọ ọ́ sílẹ̀, tó sì ń tì í mọ́ inú kọ́bọ́ọ̀dù.

Ní ọjọ́ kejì oṣù Kẹjọ ọdún 1997, Fela kú. Ẹbí rẹ̀ ì bá ti sọ pé àìsàn ránpẹ́ ni, bí a ṣe máa ń kọ ọ́ sára pósítà òkú wa, ì bá sì tán síbẹ̀. Olikoye, ẹ̀gbọ́n rẹ̀, tó ti kúrò nípò mínísítà nígbà náà, jókòó síwájú àwọn oníròyìn, ó ní Éèdì ló pa àbúrò òun. Ọ̀pọ̀ ènìyàn ò gbà á gbọ́. Ọkọ mi wà nínú wọn. Atẹ̀wé ni, òun ló ka ìwé ìròyìn náà sókè létí wa lọ́jọ́ náà, ó ní irọ́ ni, wọ́n fẹ́ fi ba orúkọ Fela jẹ́ ni. Kò pé ọdún márùn-ún sígbà náà, Éèdì pa òun náà.

Mo máa ń rò ó pé ká ní ẹlòmíràn tún sọ̀rọ̀ bíi ti Olikoye lọ́dún yẹn, ká ní gómìnà kan, ọba kan, bíṣọ́ọ̀bù kan, lémọ́ọ̀mù kan là á mọ́lẹ̀ bẹ́ẹ̀, bóyá ọkọ mi ì bá ti lọ yẹ ara rẹ̀ wò nígbà tí ikọ́ rẹ̀ kọ́kọ́ bẹ̀rẹ̀. Ẹnì kan ṣoṣo ló sọ̀rọ̀, nínú ilé tí ọ̀fọ̀ ti ṣẹ̀.

Ẹ̀yin gómìnà mẹ́fẹ̀ẹ̀fà, ọjọ́ kìíní oṣù Kejìlá ni ayé máa ń fi ṣèrántí Éèdì. Ẹ má rán kọmíṣọ́nnà. Ẹ jáde fúnra yín, kí ẹ ṣe àyẹ̀wò lójú gbogbo ènìyàn, kí ẹ sọ ọ́ ní Yorùbá pé oògùn wà, ẹni tó ń lò ó déédéé lè pẹ́ láyé, kò sì sí ẹni tó gbọdọ̀ dẹ́yẹ sí i.

3. Oògùn dé, oògùn sì tán

Ní oṣù Kẹrin ọdún 2001, àwọn olórí ilẹ̀ Áfíríkà pé jọ sí Àbújá. Ààrẹ Ọbásanjọ́ ló gbà wọ́n lálejò, Kofi Annan, tó jẹ́ akọ̀wé àgbà Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé nígbà náà, wá pẹ̀lú. Wọ́n ṣèlérí pé nínú náírà kọ̀ọ̀kan tí ìjọba bá fẹ́ ná, kọ́bọ̀ mẹ́ẹ̀ẹ́dógún yóò máa lọ sí ètò ìlera. Nàìjíríà, tó gba àlejò ìpàdé náà, kò tíì dé ibẹ̀ lọ́dún kan ṣoṣo títí di bí mo ṣe ń kọ̀wé yìí.

Mo gbọ́dọ̀ sọ ti rere náà. Ìgbà ìjọba Ọbásanjọ́ ni orílẹ̀-èdè yìí kọ́kọ́ fi owó ara rẹ̀ ra oògùn fún wa. Ọdún 2002 ni. Àgbàlagbà 10,000 àti ọmọdé 5,000 ni wọ́n ṣètò rẹ̀ fún, ní ilé ìwòsàn 25 ní gbogbo Nàìjíríà, oògùn náà ń bọ̀ láti Íńdíà. Àwa tí a ní kòkòrò yìí nígbà náà lé ní mílíọ̀nù mẹ́ta. Mo wà nínú àwọn 10,000 náà. Ọpẹ́lọpẹ́ nọ́ọ̀sì kan tí mo kọ́ ọmọ rẹ̀ ní kíláàsì ni mo fi wọlé. Àwọn kan jókòó ti mí lórí bẹ́ńṣì kan náà láàárọ̀ ọjọ́ náà tí wọn ò ní irú nọ́ọ̀sì bẹ́ẹ̀. Mo ṣì rántí ojú wọn.

₦1,000 ni à ń san lóṣù. Owó oṣù tó kéré jù lọ́dọ̀ ìjọba ìpínlẹ̀ nígbà náà, ₦5,500 ni. Owó àyẹ̀wò ẹ̀jẹ̀ wà lọ́tọ̀. Oògùn ìgbà náà kò rọrùn bíi tòní: èyí tí wọ́n ń pè ní stavudine ń jẹ́ kí àtẹ́lẹsẹ̀ jó èèyàn bí ẹni tẹ ẹyín iná, mo sì ń dúró kọ́ ọmọ láti aago mẹ́jọ di aago méjì. Mo fara dà á. Mo fẹ́ wà láàyè tọ́ ọmọ mi ni.

Nígbà tí ọdún 2003 ń parí lọ, oògùn tán. Ìjọba ò tètè ra òmíràn. Ẹ̀yin tí ẹ jẹ́ dókítà mọ ohun tí mò ń wí: bí ènìyàn bá já oògùn yìí sílẹ̀, kòkòrò a kọ́ bí yóò ṣe borí rẹ̀, nígbà tí oògùn bá sì padà dé, ó lè má ràn án mọ́. Obìnrin kan tó ń ta ẹ̀wà sísè ládùúgbò mi, tí èmi àti ẹ̀ jọ ń lọ gba oògùn lọ́jọ́ kan náà, bẹ̀rẹ̀ sí í gé hóró oògùn rẹ̀ sí méjì kó lè bá a dé ìgbà tí wọ́n bá kó òmíràn dé. Ó kú nínú oṣù Kẹfà ọdún 2004. Ọdún 2006 ni ìjọba sọ oògùn náà di ọ̀fẹ́.

Iye àwa tí ọ̀rọ̀ náà bá lọ́dún 2003 kò ju ẹgbẹ̀rún díẹ̀ lọ. Àwọn tó ń lo oògùn ní Nàìjíríà lónìí lé ní mílíọ̀nù kan àbọ̀. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ ka ìyẹn lẹ́ẹ̀mejì kí ẹ tó dé orí kókó kẹrin.

4. Ṣòkòtò àgbàwọ̀

Àwọn àgbà ní ṣòkòtò àgbàwọ̀, bí kò bá fún ni lẹ́sẹ̀, a ṣo ni. Lọ́dún 2003, Ààrẹ Bush ti Amẹ́ríkà dá PEPFAR sílẹ̀, ètò owó ìrànwọ́ ìjọba wọn lórí Éèdì. Owó náà bẹ̀rẹ̀ sí í dé Nàìjíríà lọ́dún 2004, títí di òní ó ti lé ní bílíọ̀nù mẹ́fà dọ́là. Òun ló ra oògùn, òun ló ń san owó àwọn agbaninímọ̀ràn àti àwọn akọ̀wé fáìlì, òun ló ra ẹ̀rọ tó ń ka kòkòrò inú ẹ̀jẹ̀. Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ àwọn tó san owó orí wọn ní Amẹ́ríkà kí èmi lè wà láàyè. Mo ń fi wọ́n sínú àdúrà.

Ṣùgbọ́n owó wọn ni, kì í ṣe tiwa. Iye wa gan-an, àwọn ni wọ́n sanwó kíkà rẹ̀. Lọ́dún 2018, wọ́n wọ ilé lọ́kọ̀ọ̀kan káàkiri Nàìjíríà, wọ́n yẹ ẹ̀jẹ̀ wò, èsì jáde lọ́dún 2019: 1.4 nínú 100 àwọn tí ọjọ́ orí wọn wà láàárín 15 sí 49, nǹkan bí mílíọ̀nù 1.9 ènìyàn lápapọ̀. Ní ilẹ̀ Yorùbá, 1.1 ni. Owó Amẹ́ríkà àti ti Global Fund, àjọ àgbáyé tó ń náwó lórí ìgbógunti Éèdì, ló gbé iṣẹ́ náà. Nígbà tí iye yẹn jáde, mo gbọ́ tí àwọn kan nínú ìjọba ń dunnú pé àrùn náà ò pọ̀ lọ́dọ̀ wa. Látìgbà náà ni ọ̀rọ̀ wa ti ń tutù lẹ́nu yín.

Ní ogúnjọ́ oṣù Kìíní ọdún 2025, Ààrẹ Trump buwọ́ lu ìwé, wọ́n dá owó ìrànwọ́ ilẹ̀ òkèèrè dúró. Láàárín ọ̀sẹ̀ kan, àwọn agbaninímọ̀ràn tí mo ti bá ṣiṣẹ́ fún ọdún mẹ́wàá gba ìwé pé kí wọ́n máa lọ sílé. Fóònù mi kò sinmi. Ìyá ọlọ́mọ mẹ́ta kan pè mí láago kan òru, ó ní, "Tíṣà, ṣé wọ́n á tún fún wa lóṣù tó ń bọ̀?" Mi ò lè purọ́ fún un. Mo ní kó má jẹ́ kí èyí tó wà lọ́wọ́ rẹ̀ ṣòfò. Lẹ́yìn náà ni Amẹ́ríkà yọ oògùn tó ń gbẹ̀mí là sọ́tọ̀ nínú òfin náà. Ọ̀pọ̀ àwọn tó ń pín in fún wa kò padà síbi iṣẹ́.

Mo gbà pé ìjọba àpapọ̀ kò káwọ́ gbera. Nínú oṣù Kejì ọdún kan náà, ìgbìmọ̀ aláṣẹ fọwọ́ sí bílíọ̀nù ₦4.8 láti ra ìdì oògùn 150,000 fún oṣù mẹ́rin. Ilé aṣòfin fi nǹkan bí bílíọ̀nù ₦300 kún owó ètò ìlera nínú ìṣúná 2025. Ṣáájú èyí, ní oṣù Kejì ọdún 2022, Ààrẹ Buhari ti ṣí àpò owó kan fún HIV, tí wọ́n ní yóò kó bílíọ̀nù ₦62 jọ lọ́wọ́ àwọn iléeṣẹ́ aládàáni, kí ọmọ kankan má baà tún kó kòkòrò yìí lára ìyá rẹ̀.

Ẹ̀yin Olùdarí Àgbà, ìbéèrè wa rèé. Nínú ìdì oògùn 150,000, mélòó ló ti dé, ilé ìwòsàn wo ló sì gbà á? Lẹ́yìn oṣù mẹ́rin náà, ta ló ń rà á? Mélòó nínú bílíọ̀nù ₦62 ló wọlé, kí ni wọ́n sì fi ṣe? Nínú bílíọ̀nù ₦300, mélòó ló ti jáde ní báńkì? Owó tí a kọ sínú ìwé kì í sọ kòkòrò di aláìlágbára.

Ohun tí a ń fẹ́ ni pé kí NACA máa gbé e síta lóṣooṣù, ní ìpínlẹ̀ kọ̀ọ̀kan, iye oṣù tí oògùn tó wà nílẹ̀ lè gbé wa dé. Ẹ máa kọ ọ́ kí ìyá alágbo náà lè kà á. Ẹ̀yin gómìnà ẹ̀wẹ̀, kí ẹ ní ìlà tirẹ̀ nínú ìṣúná ọdún tó ń bọ̀ fún oògùn HIV àti ohun èlò àyẹ̀wò, kí owó náà sì máa jáde ní oṣù mẹ́ta mẹ́ta. Ìpínlẹ̀ tó lè ra jíìpù fún àwọn aṣòfin lè ra ohun èlò àyẹ̀wò fún aboyún.

5. Àwọn ọmọ jòjòló

Ibí ni ọ̀rọ̀ mi pọ̀ sí jù.

Ọdún 1999 ni mo bí ọmọ mi kejì. Láti oṣù kẹrin ló ti ń ṣàìsàn: ikọ́ lónìí, ìgbẹ́ gbuuru lọ́la, ẹnu rẹ̀ a funfun, kò ní lè mu ọmú. Ìyá ọkọ mi ní àbíkú ni. Wọ́n sín in ní gbẹ́rẹ́, wọ́n so ṣaworo mọ́ ọn lẹ́sẹ̀. Ó lo ogún oṣù láyé. Mi ò bínú sí ìyá ọkọ mi, kò mọ̀. Èmi tí mo kàwé náà ò mọ̀. Ìgbà tí mo gbọ́ èsì tèmi lọ́dún 2002 ni gbogbo rẹ̀ tó padà wá sí mi lọ́kàn, tí mo mọ ohun tó pa ọmọ mi. Mo máa ń bi ara mi pé mélòó nínú àwọn àbíkú tí a sin nílẹ̀ Yorùbá láàárín ọdún 1990 sí 2005 ni HIV pa.

Ọdún 2009 ni mo bí àbíkẹ́yìn mi fún ọkùnrin kan tí a pàdé nínú ẹgbẹ́ àwa tí à ń lo oògùn. Mo lo oògùn mi láìyẹsẹ̀ ní gbogbo ìgbà tí mo fi lóyún rẹ̀. Wọ́n fún ọmọ náà ní oògùn olómi láti ọjọ́ tí mo bí i. Wọ́n yẹ ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ wò nígbà tó pé ọ̀sẹ̀ mẹ́fà, wọ́n tún un yẹ̀ wò ní oṣù kejìdínlógún. Kò ní in. Ó ti ga jù mí lọ báyìí, bọ́ọ̀lù ni kò jẹ́ kó gbélé. Ọdún mẹ́wàá ló wà láàárín òun àti ẹ̀gbọ́n rẹ̀ tó kú. Kì í ṣe àdúrà ló yà wọ́n sọ́tọ̀, nítorí mo gbàdúrà fún èyí tó kú ju èyí tó yè lọ. Oògùn ni.

Bí aboyún tó ní kòkòrò yìí kò bá lo oògùn, nínú 100 irú wọn, ọmọ 15 sí 45 ni yóò kó o, nínú oyún, lórí ìkúnlẹ̀ tàbí nínú ọmú. Bó bá lò ó, kò ní tó 5. A ti mọ èyí láti ìgbà pípẹ́. Síbẹ̀, nínú àwọn aboyún tó nílò oògùn yìí ní Nàìjíríà, nǹkan bí ẹnì kan nínú mẹ́ta ló ń rí i lò. Nínú ọmọ méje tó ń kó HIV lára ìyá rẹ̀ ní gbogbo àgbáyé, ọ̀kan jẹ́ ọmọ Nàìjíríà. Orílẹ̀-èdè tó ní dókítà káàkiri ilé ìwòsàn Lọ́ńdọ̀nù àti Amẹ́ríkà ni èyí ń ṣẹlẹ̀ sí.

Kí ló fà á? Inú ilé ìwòsàn ni oògùn wà, àwọn aboyún ò sì sí níbẹ̀. Ìwádìí ìjọba fúnra rẹ̀ lọ́dún 2018 fi hàn pé nínú ìbímọ 100 ní Nàìjíríà, 39 péré ló wáyé nílé ìwòsàn. Lọ́dọ̀ wa níbí, ọ̀pọ̀ obìnrin ń gba káàdì ní hosípítù, ṣùgbọ́n ilé ìgbẹ̀bí ṣọ́ọ̀ṣì ni wọ́n ń sá lọ bí ọmọ bá ń mú wọn, tàbí ọ̀dọ̀ ìyá ẹléwé ọmọ. Mo ti bi wọ́n léèrè títí. Ẹ̀rù iṣẹ́ abẹ ń bà wọ́n. Nọ́ọ̀sì ń jágbe mọ́ wọn. Ìyá Àgbẹ̀bí ń gba owó díẹ̀díẹ̀, ó ń fi omi gbígbóná wẹ̀ wọ́n, ó mọ orúkọ ìyá wọn, ó ń bá wọn kọrin. Èmi náà ì bá lọ síbẹ̀.

Lẹ́yìn tí obìnrin oníṣẹ̀lẹ̀ ọjọ́ Ìṣẹ́gun kò padà wá, mo lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì tó dárúkọ. Mi ò bá a. Mo bá Ìyá Àgbẹ̀bí, ẹni ọgọ́rin ọdún ó dín díẹ̀, lórí ẹní, aboyún mọ́kànlá yí i ká. Mo bi í bóyá ó ń yẹ wọ́n wò fún HIV. Ó ní, "Tíṣà, tí wọ́n bá fún mi ní nǹkan tí wọ́n fi ń yẹ̀ ẹ́ wò, ṣé mo ní mi ò ní lò ó ni? Láti ọdún tí mo ti ń gbẹ̀bí, àwọn ìjọba tó wá sí ọ̀dọ̀ mi, àwọn tó fẹ́ ti ilé náà pa nìkan ni." Ó fi ìwé orúkọ rẹ̀ hàn mí. Ọmọ tó gbẹ̀bí rẹ̀ lọ́dún tó kọjá ju ti ilé ìwòsàn alábọ́dé tó wà lójú títì àdúgbò náà lọ.

Ẹ lọ bá irú wọn. Ẹ kọ orúkọ wọn sílẹ̀ ní ìjọba ìbílẹ̀ kọ̀ọ̀kan, kí ẹ kọ́ wọn bí wọ́n ṣe ń fi ẹ̀jẹ̀ ìka ṣe àyẹ̀wò tí kì í gbà ju ìṣẹ́jú mélòó kan lọ, kí ẹ fún wọn ní ohun èlò rẹ̀, kí ẹ sì fi nọ́ọ̀sì kan ti wọ́n tí wọ́n lè pè bí èsì bá yọ. Ẹ san owó ọkọ̀ aboyún tí wọ́n bá darí sí hosípítù. Ẹ má fi ọlọ́pàá lé wọn, nítorí bí ẹ bá tì wọ́n pa, ìkọ̀kọ̀ ni àwọn aboyún yóò tún gbà lọ bá wọn. Iléeṣẹ́ kan ti wà ní Ìpínlẹ̀ Ògùn báyìí tó fẹ́ máa ṣe ohun èlò àyẹ̀wò HIV. Ẹ̀yin gómìnà mẹ́fà, kí ló ń dí yín lọ́wọ́ láti para pọ̀ rà á níbẹ̀?

6. Owó fáìlì

Oògùn jẹ́ ọ̀fẹ́. Káàdì kì í ṣe ọ̀fẹ́, fáìlì kì í ṣe ọ̀fẹ́, ìbọ̀wọ́ tí nọ́ọ̀sì yóò fi gbà yín lẹ́jẹ̀ kì í ṣe ọ̀fẹ́ láwọn ibòmíràn. Ẹni tó wọkọ̀ láti Ìgbòho wá sí Ìbàdàn nítorí kò fẹ́ kí ará ilé rí òun ti ná owó ọjà rẹ̀ tán kó tó dé ẹnu géètì. Ẹ fòfin de gbogbo owó tí wọ́n ń gbà lọ́wọ́ aboyún lórí àyẹ̀wò HIV, kí ẹ kọ ọ́ sára ògiri, kí ẹ fi nọ́ńbà fóònù tí a lè pè sí i.

7. Òfin wà, ta ló ń lò ó?

Lọ́dún 1995, wọ́n lé obìnrin kan tó ń ṣiṣẹ́ nọ́ọ̀sì ní Èkó lẹ́nu iṣẹ́ nítorí HIV. Wọ́n ti yẹ ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ wò láìsọ fún un. Nígbà tó gbé ọ̀rọ̀ dé kóòtù, lọ́dún 2001, adájọ́ kò jẹ́ kó wọlé wá sọ tẹnu rẹ̀, wọ́n ní ó lè kó o ran àwọn ènìyàn inú kóòtù. Ọdún 2012 ló tó gba ìdájọ́, mílíọ̀nù ₦7. Ọdún mẹ́tàdínlógún lẹ́yìn tí wọ́n lé e. Ààrẹ Jonathan buwọ́ lu òfin tó ní ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ fi HIV dẹ́yẹ sí wa, òun ni òfin ọdún 2014. Òfin náà kò gba agbanisíṣẹ́ láàyè láti sọ àyẹ̀wò HIV di dandan kó tó gbani síṣẹ́. Ẹ lọ wo ìwé tí àwọn ilé ẹ̀kọ́ aládàáni àti ilé ìtura ń fún ẹni tó ń wáṣẹ́ ní ìlú yín.

Mo fẹ́ fi orúkọ mi sí ìsàlẹ̀ lẹ́tà yìí. Mo ti kọ ọ́ síbẹ̀. Ọmọ mi àkọ́kọ́, tí kò ní kòkòrò yìí, ló bẹ̀ mí kí n pa á rẹ́. Ìdána rẹ̀ ku oṣù mẹ́ta, àwọn àna kò tíì mọ̀. Mo wo ojú rẹ̀, mo pa á rẹ́. Ẹ̀yin tí ẹ ní òfin lọ́wọ́, ẹ ò rí ohun tí ọmọ mi ń bẹ̀rù? Kí ẹ̀ka ìdájọ́ ní ìpínlẹ̀ kọ̀ọ̀kan yan agbẹjọ́rò ọ̀fẹ́ fún ẹni tí wọ́n bá dẹ́yẹ sí, kí ẹ̀yin náà sì gbé agbanisíṣẹ́ kan, ẹyọ kan péré, lọ sí kóòtù lórí òfin yìí, kí àwọn yòókù rí i.

A ń retí èsì yín kí ẹ tó gbé ìṣúná ọdún tó ń bọ̀ lọ síwájú àwọn aṣòfin. Ẹ dá wa lóhùn nínú ìwé ìròyìn tàbí lórí rédíò, lédè tí àwa náà gbọ́. Ẹgbẹ́ wa yóò wà ní ilé aṣòfin lọ́jọ́ tí wọ́n bá fẹ́ kà á, a ó sì jókòó títí wọn yóò fi dé orí ètò ìlera.

Ní alẹ́ yìí tí mo parí lẹ́tà yìí, mo ka oògùn inú ìgò mi. Ó ku hóró 24.

Èmi ni ti yín ní tòótọ́,
Olùkọ́ tó ti fẹ̀yìntì, ìyá ọlọ́mọ méjì,
Ìbàdàn.